Mọ́mì ní rárá, ìyá àgbà ní ó yá gbà: bí gbogbo ẹni tó ń tọ́ ọmọ kan ṣe lè fẹnu kò

Ọmọ ọdún mẹ́ta tó ń sọ ara ẹ̀ mọ́lẹ̀ nítorí fóònù, kì í ṣe pé orí ẹ̀ le ju ti ọmọ ẹlòmíì lọ o, ó kàn ti mọ ẹni tó máa gbé e fún un ni. Mọ́mì ní rárá, dádì ní rárá, àǹtí tó ń bá wọn gbé ní rárá, ó wá kígbe dé ọ̀dọ̀ ìyá àgbà, ìyá àgbà ní ẹ fún un jàre, ẹ má jẹ́ kí ohùn ọmọ ọlọ́mọ ha. Ó parí. Ẹni mẹ́ta ló dúró, ẹnì kan ló yẹ̀, ti ẹnì kan yẹn lọmọ máa rántí lọ́la.

Ìdí nìyẹn tí mo fi máa ń sọ pé iṣẹ́ tó wà lórí ọmọ kéré, ti àwọn àgbà ló pọ̀. Ọ̀rọ̀ àwọn àgbà yẹn ni mo fẹ́ kọ síbí, láti ìbẹ̀rẹ̀ títí dé ibi tó máa ń dojú rú. Igbe fóònù ni mo máa fi ṣe àpẹẹrẹ torí òun ló wà nílé gbogbo wa báyìí, ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ gígé ọmọ ẹlòmíì jẹ tàbí dída oúnjẹ sílẹ̀ ló wà nílé tiyín, ọ̀nà kan náà ni.

Kí ló dé tí ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo fi ń ba gbogbo ẹ̀ jẹ́

Onímọ̀ kan wà ní Amẹ́ríkà tó ń jẹ́ B. F. Skinner, eku àti ẹyẹlé ló fi ṣe ìwádìí ẹ̀. Tó bá jẹ́ pé gbogbo ìgbà tí ẹyẹlé bá fẹnu kan bọ́tìnnì ló ń rí oúnjẹ, ọjọ́ tí oúnjẹ bá dáwọ́ dúró kì í pẹ́ tó fi máa fi bọ́tìnnì sílẹ̀. Ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ pé ẹ̀ẹ̀kọ̀ọ̀kan ló ń rí i, tí ò sì mọ èyí tó máa bọ́ sí i, oúnjẹ lè ti dáwọ́ dúró tipẹ́ kó ṣì máa kan bọ́tìnnì yẹn lọ. Ẹ wo ẹni tó ń ta tẹ́tẹ́, ṣé ojoojúmọ́ ló ń jẹ ni? Ẹ̀ẹ̀kan tó jẹ lóṣù tó kọjá ló ń gbé e padà lọ.

Ìyẹn ni pé tẹ́ ẹ bá dúró lẹ́ẹ̀mẹsàn-án tẹ́ ẹ wá yẹ̀ lẹ́ẹ̀kẹwàá, ìwà yẹn á pẹ́ kó tó kúrò ju ti ọmọ tí wọ́n ń fún ní gbogbo ìgbà tí wọ́n wá dáwọ́ dúró lọ́jọ́ kan náà. Ó ń dun àwọn òbí tí wọ́n bá gbọ́ ọ, pàápàá mọ́mì tó ti ń bá igbe jà látàárọ̀.

Ìgbésẹ̀ 1: Ẹ ka àwọn tó wà nídìí ọmọ yẹn

Ẹ mú ọjọ́ lásán kan, kì í ṣe ọjọ́ òde, ẹ tẹ̀lé ọmọ náà lọ́kàn yín láti ìgbà tó jí títí tó fi sùn, kẹ́ ẹ kọ orúkọ gbogbo ẹni tó lè sọ fún un pé gbà tàbí má gbà. Ẹni tó ń wẹ̀ ẹ́ láàárọ̀, awakọ̀ bọ́ọ̀sì iléèwé, tíṣà, ọmọ ọ̀dọ̀ tó ń gbà á sílẹ̀ lọ́sàn-án, àǹtí tó ń kọ́ ọ ní lẹ́sìn lẹ́yìn iléèwé, ìyá onípúrófíṣọ̀n iwájú ilé tó máa ń fún un ní súwíìtì ọ̀fẹ́, bẹ́ẹ̀ náà ni ìyá àgbà kejì tó wà ní Òṣogbo tó ń tibẹ̀ pàṣẹ lórí fídíò kọ́ọ̀lù. Wọ́n ní ẹnì kan ní ń bímọ igba ènìyàn ní ń tọ́ ọ, wọn ò kàn sọ bí igba ènìyàn ṣe máa fẹnu kò ni.

Ẹ wá fa ìlà sábẹ́ orúkọ àwọn tó ń lò ju wákàtí kan lọ pẹ̀lú ẹ̀ lóòjọ́. Àwọn yẹn lẹ máa bá ṣèpàdé. Ìyá onípúrófíṣọ̀n, ẹ kàn kí i dáadáa kẹ́ ẹ bẹ̀ ẹ́ pé kó máa kó súwíìtì yẹn lé yín lọ́wọ́ dípò ọmọ.

Ìgbésẹ̀ 2: Ìwà kan ṣoṣo, kó jẹ́ ohun tójú ń rí

"Olóríkunkun" kì í ṣe ìwà, "àfojúdi" náà kì í ṣe é, orúkọ lẹ fi ń pè é. Tẹ́ ẹ bá gbé "àfojúdi" lọ síbi ìpàdé, dádì máa ní òun ò rí àfojúdi kankan, ìyá àgbà máa ní bí bàbá ẹ̀ náà ṣe ṣe nìyẹn nígbà tó wà ní kékeré, ibẹ̀ ni ìpàdé máa fọ́ sí. Ẹ kọ ohun tójú rí: "Tí wọ́n bá gba fóònù lọ́wọ́ ẹ̀ tàbí tí wọ́n ní kò sí, ó máa ń sọ ara ẹ̀ mọ́lẹ̀, ó máa ń fẹsẹ̀ gbálẹ̀, ó máa ń kígbe." Tí àlejò tí ò mọ ọmọ yẹn rí bá lè jókòó sí pálọ̀ kó sì ka iye ìgbà tó ṣe é, ẹ ti kọ ọ́ dáadáa.

Kẹ́ ẹ sì mú ẹyọ kan. Àwọn tó fẹ́ ṣàtúnṣe igbe, oorun, oúnjẹ àti títọ̀ sílé lọ́sẹ̀ kan náà, ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e ni gbogbo ẹ̀ máa tú.

Ìgbésẹ̀ 3: Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ fún nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan kẹ́ ẹ tó yí ohunkóhun padà

Ìwé ìkọ̀wé kan ti tó, ẹ fi í sórí fíríìjì, ẹ fa ìlà sí i kó ní ojú mẹ́ta: kí ló ṣẹlẹ̀ ṣáájú, kí lọmọ ṣe, kí ló wá rí gbà. Ojú kẹta yẹn làwọn àgbà ti máa ń parọ́ o, torí náà ẹ sọ fún gbogbo ayé pé a ò wá ẹni tó jẹ̀bi. Bó ṣe máa rí nìyí:

"Ọjọ́rú, aago mẹ́rin àbọ̀. Ó ti iléèwé dé, kò tíì jẹun, màmá àgbà ń wo fídíò. Ó ní òun fẹ́, wọ́n ní rárá. Ó kígbe. Wọ́n ní kó wo ẹyọ kan péré."

"Ọjọ́rú, aago méje alẹ́. Àǹtí ní kó wá wẹ̀. Ó sọ ara ẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń bèèrè fóònù. Àǹtí fi í sílẹ̀, kò wẹ̀ mọ́."

Ṣé ẹ rí i? Igbe kan náà, ìdí méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Ti àkọ́kọ́, nǹkan ló fẹ́ gbà. Ti ìkejì, ìwẹ̀ ló ń sá fún, fóònù kàn wà lẹ́nu ẹ̀ ni. Àwọn onímọ̀ tó ń ṣiṣẹ́ lórí ìwà ọmọ máa ń wo ìdí mẹ́rin: ọmọ fẹ́ gba nǹkan, ó fẹ́ kí wọ́n wo òun, ó ń sá fún nǹkan, tàbí kó jẹ́ pé ara ẹ̀ ló ń bá a sọ̀rọ̀, yálà ó dùn mọ́ ọn tàbí nǹkan ń dùn ún. Ó ṣe pàtàkì kí gbogbo ilé mọ èyí tó jẹ́, torí ọmọ tó ń sá fún ìwẹ̀, tẹ́ ẹ bá lé e lọ sí yàrá pé kó lọ jókòó síbẹ̀ fún ìyà, ẹ̀bùn lẹ fún un yẹn.

Tó bá jẹ́ pé òjijì ni ìwà yẹn bẹ̀rẹ̀, ẹ gbé e lọ sí ọsibítù ná. Etí tó ń ro ọmọ, eyín, inú tó le, àìsùn, gbogbo wọn ló ń di igbe. Ọmọ tí ò tíì máa sọ̀rọ̀ bí ẹgbẹ́ ẹ̀, ẹ jẹ́ kí wọ́n yẹ etí ẹ̀ wò bóyá ó ń gbọ́ràn dáadáa. Èyí tó bá sì ń gbá orí mọ́ògiri tàbí tó ń bu ara ẹ̀ jẹ títí tẹ́jẹ̀ fi ń jáde, ẹ má fi ohun tí mo kọ síbí nìkan ṣe é, ẹni tó kọ́ṣẹ́ ẹ̀ ni kó bá yín tò ó.

Ìgbésẹ̀ 4: Kí lọmọ máa ṣe dípò ẹ̀?

Ọ̀pọ̀ ilé máa ń fo ibí yìí. Wọ́n á ní kó má kígbe mọ́, wọn ò sọ ohun tó máa ṣe tó bá fẹ́ nǹkan. Lọ́dún 1985, àwọn onímọ̀ méjì kan, Carr àti Durand, kọ́ àwọn ọmọ kan ní gbólóhùn tí wọ́n lè fi bèèrè ohun tí wọ́n ń fi ìwà burúkú wá, bí ìrànlọ́wọ́ lórí iṣẹ́ tó le, bí wọ́n ṣe ń rí i gbà lẹ́nu lásán, ìwà yẹn lọ sílẹ̀. Nínú ìwé tiyín náà, ẹ wo ìdí, kẹ́ ẹ wá ọ̀rọ̀ tó bá a mu. Ọmọ tó ń sá fún ìwẹ̀ lè kọ́ láti sọ pé "ẹ jẹ́ kí n sinmi díẹ̀", kẹ́ ẹ fún un ní ìṣẹ́jú méjì lóòótọ́ kó tó wá wẹ̀. Èyí tó ń fẹ́ fóònù lè kọ́ "ẹ jọ̀ọ́, mo fẹ́ wo kátùùnù".

Ẹ wá lè ní, tó bá ń bèèrè dáadáa nígbà gbogbo ńkọ́, ṣé a óò máa fún un ṣáá ni? Rárá. Ẹ fún fóònù ní àsìkò, bíi lẹ́yìn oúnjẹ ọ̀sán. Àjọ ìlera àgbáyé, WHO, sọ lọ́dún 2019 pé ọmọ ọdún méjì sí mẹ́rin ò gbọdọ̀ jókòó tí fóònù tàbí tẹlifíṣọ̀n ju wákàtí kan lọ lóòjọ́, kó tiẹ̀ dín sí i ló dáa jù. Tó bá bèèrè dáadáa ní àsìkò ẹ̀, kíá ni kẹ́ ẹ fún un, kó tó parí ọ̀rọ̀, pàápàá lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́. Tó bá bèèrè lásìkò tí kò tọ́, gbogbo yín, ìdáhùn kan: "O ṣeun tó o bèèrè. Ó di lẹ́yìn oúnjẹ."

Ìgbésẹ̀ 5: Ìpàdé, àti bẹ́ ẹ ṣe máa bá ìyá àgbà sọ ọ́

Ẹ jẹ́ kí n pẹ́ díẹ̀ níbí torí ibí ni ilé pọ̀ ti ń dàrú.

Ẹni tí màmá bí lọ́mọ ni kó bá màmá sọ̀rọ̀. Tó bá jẹ́ ìyá ọkọ ló wà nílé, ìyàwó má ṣe é o, bó ti wù kó kúnlẹ̀ tó, ohun tí màmá máa gbọ́ ni pé wọ́n ń kọ́ òun lọ́mọ títọ́ nínú ilé ọmọ òun. Kí ọkọ lọ bá a, nígbà tí ọmọ bá ti sùn, kì í ṣe ní kété tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fún ọmọ ní fóònù. Kó má kà á bí òfin, ìrànlọ́wọ́ ni kó tọrọ: "Màámi, ẹ dákun, igbe ọmọ yìí ti fẹ́ bò wá mọ́lẹ̀, ẹ̀yin lẹ mọ̀ ọ́n jù nínú ilé yìí, tẹ́ ẹ bá bá wa ṣe é nìkan ló lè ṣeé ṣe."

Màmá máa fèsì. "Ṣé kí n máa wo ọkọ mi kó máa ké? Ẹ̀yin náà ké, mo pọ̀n yín, ẹ sì dàgbà." Wọ́n tún lè fi òwe kún un, pé tá a bá fọwọ́ ọ̀tún bá ọmọ wí, ọwọ́ òsì la fi ń fà á mọ́ra. Ẹ má bá wọn jiyàn, òwe yẹn dáa, àmọ́ ọwọ́ méjèèjì yẹn, ara ẹnì kan náà ni wọ́n wà, bàbá kọ́ ló ń bá a wí kí ìyá àgbà máa fà á mọ́ra lójú ẹsẹ̀ kan náà. Ẹ sọ fún wọn pé ẹnikẹ́ni ò ní kí wọ́n má gbé e. Tí igbe bá ti rọlẹ̀, àwọn gan-an ni ká kọ́kọ́ pè, kí wọ́n pọ̀n ọ́n, kí wọ́n kì í, kí wọ́n ṣe gbogbo ohun tí ìyá àgbà ń ṣe. Ẹ fi ibi tó dùn sí wọn lọ́wọ́: àwọn ni kó máa gbé fóònù fún ọmọ nígbà tí àsìkò ẹ̀ bá tó. Ìyá àgbà tó mọ̀ pé òun lòun máa fún un láago mẹ́ta lè dúró títí aago mẹ́ta.

Rúùlù kan wà tí mo fẹ́ràn jù fún gbogbo ẹni tí ò lágbára igbe: tẹ́ ẹ bá mọ̀ pé ẹ máa fún un, ẹ fún un kó tó ké. Tó bá bèèrè lẹ́ẹ̀kan péré, ẹ wo ara yín. Tó bá jẹ́ pé ó ti rẹ̀ yín lónìí, ẹ gbé e fún un nígbà tó ṣì ń rẹ́rìn-ín, kò sóhun tó bàjẹ́ púpọ̀. Ṣùgbọ́n tí rárá bá ti jáde lẹ́nu, ó di rárá. Ẹni tí ò bá wá lè fara da á, kó dìde lọ sí ẹ̀yìnkùlé tàbí kíṣìnì, kó fi í lé ẹlòmíì lọ́wọ́.

Ọmọ ọ̀dọ̀ ńkọ́? Ọ̀rọ̀ tiẹ̀ yàtọ̀, ẹ̀rù ló ń bà á. Ó mọ̀ pé tí ọmọ bá ń ké tí mọ́mì sì wọlé, ìbéèrè àkọ́kọ́ ni "kí lo fi ṣe é?" Torí náà ó máa gbé fóònù fún un kí ilé lè dákẹ́, èmi náà á ṣe bẹ́ẹ̀ tí mo bá wà nípò ẹ̀. Ẹ sọ fún un lójú gbogbo ilé pé ọmọ lè ké, a ò ní bá ọ wí sí i, ohun tá a fẹ́ ni kó o má nà án, kó o má fún un ní fóònù, kó o sì wà níbi tójú ẹ ti ń tó o. Ẹ wá mú ọ̀rọ̀ náà ṣẹ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tẹ́ ẹ bá wọlé bá igbe.

Dádì tó ń wọlé láago mẹ́sàn-án alẹ́ látinú gó-sílò, tí ò rí ọmọ látàárọ̀, ó máa ń fẹ́ ra ojú ọmọ. Ẹ wá nǹkan míì tó máa jẹ́ tiẹ̀, kó gbé e gun ẹ̀yìn, kó bá a ṣe bọ́ọ̀lù nínú pálọ̀, ohunkóhun tí kì í ṣe fóònù. Tíṣà tó ní ọmọ púpọ̀ ní kíláàsì, ẹ má gbé ìwé gígùn lọ bá a, nǹkan kan ṣoṣo lẹ máa bẹ̀ ẹ́ sí, gbólóhùn tí ọmọ fi ń bèèrè, kó máa dáhùn sí i.

Tí ẹnì kan bá ń fi pàṣán ṣe é nílé tí àwọn tó kù ò ṣe bẹ́ẹ̀, ìyẹn náà ni àìfẹnukò. Ọmọ máa dákẹ́ níwájú onípàṣán, á wá kó gbogbo igbe pamọ́ de ẹni tí kì í nà. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà lókè òkun tí màmá ń bọ̀ wá bá lo oṣù mélòó kan, ẹ tètè sọ fún wọn, torí Scotland ti fòfin de nína ọmọ láti oṣù kọkànlá ọdún 2020, Wales ní oṣù kẹta ọdún 2022, kò sí pé ìyá àgbà ni mí níbẹ̀.

Ìgbésẹ̀ 6: Ojú ìwé kan, ọ̀rọ̀ kan náà

Tó bá ju ojú ìwé kan lọ, kò sẹ́ni tó máa kà á. Ó lè rí báyìí:

Ṣáájú: Ó máa jẹun kó tó di aago mẹ́ta. Tó bá ku ìṣẹ́jú márùn-ún kí àsìkò fóònù tán, sọ fún un.
Tó bá ké: Sọ lẹ́ẹ̀kan, "Fóònù ti tán. Ó di ọ̀la lẹ́yìn oúnjẹ." Má tún un sọ. Má wàásù. Wà nítòsí. Má fún un.
Tó bá dákẹ́: Pè é, gbá a mọ́ra, fún un ní nǹkan míì ṣe. Má dá ọ̀rọ̀ igbe sílẹ̀ mọ́.

Èdè tí gbogbo ilé ń sọ ni kẹ́ ẹ fi kọ ọ́. Fún ẹni tí kì í kàwé, ẹ fi ohùn yín gbà á sílẹ̀ lórí WhatsApp, kò gbọdọ̀ ju ìṣẹ́jú kan lọ. Ẹ tún wá fi ṣeré lálẹ́ ọjọ́ kan, kí dádì ṣe bí ọmọ kó dùbúlẹ̀ sórí ilẹ̀ kó máa ké, kí ẹnì kọ̀ọ̀kan dá a lóhùn bó ṣe wà nínú ìwé. Ẹ̀rín máa pa yín, ṣùgbọ́n ibẹ̀ lẹ máa ti rí i pé àǹtí ń sọ ọ̀rọ̀ mẹ́wàá níbi tó yẹ kó sọ kan.

Ìgbésẹ̀ 7: Ọjọ́ tí igbe lè pọ̀ sí i

Ẹ sọ èyí fún gbogbo ilé kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀ rárá. Tí ohun tó ti ń ṣiṣẹ́ fún ọmọ bá dédé dáwọ́ dúró, ó lè kọ́kọ́ fi kún un. Ó lè ké pẹ́ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, ó lè gbìyànjú nǹkan tuntun, ó lè ju bàtà, ó lè gbá ìyá àgbà lẹ́sẹ̀. Àsìkò yìí làwọn ará ilé máa ń ní "ẹ wò ó, ohun tẹ́ ẹ ń ṣe yìí ti ba ọmọ jẹ́". Tí ẹnì kan bá gbé fóònù fún un lásìkò yẹn, ohun tó kọ́ ọ ni pé igbe tàná ló kéré, tòní ni wọ́n ń fẹ́.

Torí náà ẹ yan ìgbà tẹ́ ẹ máa bẹ̀rẹ̀. Kì í ṣe ọ̀sẹ̀ ìsọmọlórúkọ, kì í ṣe Iléyá tí ilé kún, kì í ṣe ìgbà tí ara ọmọ ò yá. Ẹ lọ sọ fún aládùúgbò tẹ́ ẹ jọ pín ògiri pé ẹ máa gbọ́ igbe o, a ò lù ú. Kẹ́ ẹ sì gbé ohun tó lè fọ́ kúrò nílẹ̀. Àìfún un ní fóònù ò túmọ̀ sí kẹ́ ẹ fi í sílẹ̀ kó ṣera ẹ̀ léṣe, tó bá fẹ́ gbá orí, ẹ fi tìmùtìmù sábẹ́ ẹ̀, ẹ di ọwọ́ tó fẹ́ fi lu èèyàn mú jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, láìsọ̀rọ̀, láìwò ó lójú.

Ìgbésẹ̀ 8: Tí ẹnì kan bá yẹ̀

Ẹnì kan máa yẹ̀, ẹ jẹ́ ká má tan ara wa. Ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ pẹ̀lú ọmọ ni kó parí ẹ̀, kò sẹ́ni tó máa já a gbà lọ́wọ́ ẹ̀ àfi tí ọwọ́ bá ti fẹ́ lọ síbi tí kò yẹ. Tí ọmọ bá sá lọ bá dádì, gbólóhùn dádì ni "kí ni mọ́mì sọ?" Tí dádì bá wá rò pé mọ́mì ò ṣe é dáadáa, kó dúró di inú yàrá lálẹ́. Ọmọ tó bá rí yín níbi tẹ́ ẹ ti ń jà lé e lórí ti mọ ibi tí ilẹ̀kùn wà.

Ẹ máa sàmì sórí kàlẹ́ńdà, ìlà kan fún igbe kan, kẹ́ ẹ fi lẹ́tà àkọ́kọ́ orúkọ ẹni tó wà pẹ̀lú ẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ ẹ̀. Lálẹ́ Sọ́ńdè, ẹ jọ wò ó, kò ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ. Tí gbogbo ìlà bá ń ṣubú sọ́dọ̀ ẹnì kan, ẹ bi í pé kí ló ń le fún un, bóyá àsìkò yẹn ló ń dáná tí ọwọ́ ẹ̀ ò sì gbà á, ẹ gba ọmọ lọ́wọ́ ẹ̀ fún wákàtí yẹn. Tí ìlà ò bá dín rárá lọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan tí gbogbo yín sì dúró lóòótọ́, ìdí tẹ́ ẹ kọ sílẹ̀ ní ìgbésẹ̀ 3 ló ṣeé ṣe kó má jẹ́ òun, ẹ padà síbẹ̀.

Igbe tó ti lọ tún lè padà wá yọjú, pàápàá lẹ́yìn họlidé nílé ìyá àgbà kejì. Kì í ṣe pé iṣẹ́ yín ti ṣòfò. Ẹ padà sórí ìwé yẹn lọ́jọ́ tó bá dé, kì í sábà pẹ́ tó ti ìgbà àkọ́kọ́.

Tí ọmọ ọ̀dọ̀ bá lọ tí òmíràn dé, ẹ má fi ọmọ lé e lọ́wọ́ lọ́jọ́ yẹn. Ẹ ka ojú ìwé yẹn sí i létí, kó jókòó wo bí ìyá àgbà ṣe ń ṣe é ní ọjọ́ kan sí méjì, kí òun náà ṣe é níṣojú ìyá àgbà, lẹ́yìn náà kẹ́ ẹ tó máa jáde fi àwọn méjèèjì sílẹ̀.